Wọ́n Ní N Kò Dìbò fún Ọkọ Mi

Ọjọ́ Sátidé tó ń bọ̀ yìí ni wọ́n máa mú ìyàwó tuntun tí ọ̀kan nínú àwọn ọmọkùnrin agbo ilé ọkọ mi fẹ́ wọlé, èmi tí mo dàgbà jù nínú gbogbo ìyàwó ilé kọ́ ni mo máa bomi sí i lẹ́sẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ mọ àṣà wa á ti mọ ohun tí mò ń sọ. Bí ìyàwó bá dé ẹnu ọ̀nà, àgbà ìyàwó ló máa ń gbé omi tútù jáde, tí yóò dà á sí i lẹ́sẹ̀, tí yóò sì máa wúre fún un pé ẹsẹ̀ tó gbé wọlé á tu ilé lára. Látìgbà tí ìyá tó ṣíwájú mi ti kú, èmi ni mò ń ṣe é. Ọwọ́ mi yìí ló bomi sí ẹsẹ̀ gbogbo àwọn ìyàwó kéékèèké tó ń wò mí ní ìwò ẹ̀gàn báyìí. Lọ́jọ́ Àìkú tó kọjá ni wọ́n jókòó, tí wọ́n ní ó tó gẹ́ẹ́, wọ́n ní obìnrin tí kò lè tẹ ìka fún ọkọ ara rẹ̀, kò gbọ́dọ̀ wúre fún ìyàwó ẹlòmíràn. Ẹ gbọ́ o! Èmi tí mo ti fi orí irun dúdú bá ọkùnrin yìí gbé títí irun fi funfun! Mo rẹ́rìn-ín lójú wọn, torí bí ọ̀rọ̀ bá ti kọjá ẹkún, ẹ̀rín là ń fi í rín. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo dé ìdí iná tí mo ti ń se epo pupa tí mò ń tà, mo jókòó sórí àpótí, mo sì sunkún bí ọmọdé.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tí ọkọ mi jẹ́, kí ẹ má baà rò pé olóṣèlú ni. Káfíńtà ni. Bí ẹ bá gba ọ̀nà Ìjerò wọ ìlú wa, ilẹ̀kùn tí ẹ máa kọ́kọ́ rí, òun ló kàn án. Bẹ́ǹṣì tí àwọn ọmọ ń jókòó lé nílé ìwé, òun ni. Pósí tí a fi sin òkú àgbà mẹ́ta nínú mẹ́rin nílùú wa, òun náà ni. Kì í pariwo. Bí ọ̀rọ̀ bá dùn ún, ṣọ́ọ̀bù ló máa wọ̀ lọ, á máa fági títí inú rẹ̀ á fi rọ̀. Orúkọ tí wọ́n sọ mí kì í ti ẹnu rẹ̀ jáde, Ìyá Dayọ̀ ló máa ń pè mí, ìyẹn orúkọ àkọ́bí wa tó ń ṣiṣẹ́ n'Íbàdàn. Láràárọ̀, kó tó lọ síbi iṣẹ́, ó máa kọ́kọ́ fa omi kún ìkòkò mi láti inú kànga, torí ó mọ̀ pé ẹ̀yìn ń dùn mí. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. Á ní omi ò béèrè bóyá ọkùnrin ló fà á tàbí obìnrin. Irú ọkùnrin tí wọ́n ní mo dalẹ̀ nìyẹn.

Ikú aṣòfin wa ló fa gbogbo rẹ̀. Ọkùnrin náà ń ṣojú agbègbè wa nílé ìgbìmọ̀ aṣòfin l'Adó kó tó kú lójijì, wọ́n sì ní àfi ká dìbò láti fi ẹlòmíràn rọ́pò rẹ̀, kó parí ìyókù ọdún tó kù. Ọmọ ìlú wa ni. Lọ́dọ̀ tiwa, yípoyípo ni ipò yẹn ń lọ láti ìlú dé ìlú, ìlú tó bá sì kàn kì í gbà kó bọ́ lọ́wọ́ òun kí àsìkò rẹ̀ tó pé. Nítorí náà gbogbo wa la mọ̀ pé ọmọ ìlú wa ló máa dé ibẹ̀, a sì mọ ẹgbẹ́ tó máa gbé e débẹ̀. Ẹgbẹ́ ńlá yẹn kì í bẹ̀rù ìbò ní apá ibí. Bí wọ́n bá dé fìlà lé ìkòkò lórí, tí wọ́n gbé e síta, àwọn èèyàn wa á tò sórí ìlà láti dìbò fún ìkòkò. Ọjọ́ tí ẹgbẹ́ bá ti mú ẹni tó wù wọ́n, ìbò ti parí nìyẹn.

Àmọ́ ẹgbẹ́ alátakò náà ní láti fa ẹnì kan kalẹ̀, kí ojú má tì wọ́n. Gbogbo ẹni tí wọ́n lọ bá ló ní oko òun ń dúró de òun. Bí wọ́n ṣe dé ọ̀dọ̀ ọkọ mi nìyẹn. Nígbà yẹn, ohun tí a ń gbọ́ ni pé ọkùnrin ìlú wa kan tó fi Adó ṣe ilé ni ẹgbẹ́ ńlá fẹ́ mú, ẹni tí kì í wálé àfi bí òkú bá kú. Mo rò pé ọkọ mi á lé wọn ni. Ó ní òun gbà! Mo bi í pé kí ló rí lọ́bẹ̀ tó fi warú ọwọ́. Ó ní ṣé mo rántí ìgbà tí nọ́ọ̀sì kúrò nílé ìwòsàn wa, tí wọn ò fi ẹlòmíràn rọ́pò rẹ̀? Mo ní mo rántí. Ó ní òun mọ̀ pé òun ò ní wọlé, ṣùgbọ́n bí ẹnì kankan ò bá dìde, ta ló máa sọ ọ́ sí wọn létí?

Orúkọ ọkọ mi ti wọ ìwé ìbò tán kí ọ̀rọ̀ tó yí padà. Àwọn àgbà ẹgbẹ́ ńlá bá ara wọn jà lórí ọkùnrin Adó yẹn, ìjà náà le débi pé wọ́n pa á tì, wọ́n wá ẹni tí kò bá ẹnikẹ́ni ṣọ̀tá, wọ́n sì mú àbúrò mi. Ọmọ ìyá mi kan ṣoṣo ni. Ìyá wa kú nígbà tí kò tíì mọ̀ ọ́n rìn, ẹ̀yìn mi ló dàgbà sí. Ó ń ta sìmẹ́ǹtì àti páànù ní Aramọkọ báyìí, ó sì ti di èèyàn pàtàkì. Nígbà tí ìròyìn náà dé, ọkọ mi jókòó sílẹ̀, kò lè jẹun. Ó ní òun á yọwọ́. Àbúrò mi ló sáré wá bá a nílé wa lọ́jọ́ kejì. Ó ní, "Bàbá Dayọ̀, bí ẹ bá yọwọ́, wọ́n á ní mo rà yín ni, wọn ò sì ní bu ọ̀wọ̀ fún èmi tàbí ẹ̀yin mọ́. Ẹ jẹ́ ká jọ dúró." Mo gúnyán, àwọn méjèèjì jẹ ẹ́ nínú abọ́ kan. Bí mo ṣe ń wò wọ́n, mo ní nínú ara mi pé kò sí ohun tó lè ba èyí jẹ́. Mi ò mọ̀ pé orí tèmi ni gbogbo rẹ̀ ń bọ̀.

Ẹ wò ó, ọkọ mi ò mọ̀ pé òun mọ ọ̀rọ̀ sọ àfi ìgbà tí wọ́n gbé gbohùngbohùn fún un. Wọ́n gbé e sẹ́yìn ọkọ̀ akẹ́rù kékeré kan, wọ́n ń gbé e káàkiri abúlé. Kì í bú ẹnikẹ́ni. Bó bá máa dárúkọ àbúrò mi, "àna mi" ló máa pè é. Á ní, "Èèyàn dáadáa ni àna mi, ẹ má bá mi bú u, ẹgbẹ́ rẹ̀ ni mo ní í bá wí." Àwọn èèyàn á rẹ́rìn-ín títí. Á wá sọ̀rọ̀ ilé ìwòsàn, á sọ ti aboyún tí wọ́n gbé sórí ọ̀kadà lọ sí Ìjerò nígbà òjò. Wọ́n á bọ̀ ọ́ lọ́wọ́, wọ́n á fún un ní obì, wọ́n á ní, "Káfíńtà, a ti gbọ́." Bó bá délé, á ka àwọn tó ṣèlérí fún un lọ́kọ̀ọ̀kan fún mi. Ojú rẹ̀ á máa dán. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í rò pé bí òun ò tiẹ̀ wọlé, ìbò òun á pọ̀ débi tí ojú ò fi ní ti òun. Ó kéré tán, agbo ilé òun á dúró ti òun, àwọn tí òun kanlẹ̀kùn fún. Inú mi ń bà jẹ́, torí mo mọ àwọn èèyàn wa. Ẹni tí wọ́n fẹ́ràn lọ́tọ̀, ẹni tí wọ́n máa dìbò fún lọ́tọ̀.

Èmi wá dà bí aṣọ tí èèyàn méjì ń fún lẹ́yìn tí wọ́n fọ̀ ọ́ tán. Àwa tí a bí sí agbo ilé gẹ́gẹ́ bí obìnrin, ọmọ-osú ni wọ́n ń pè wá lọ́dọ̀ tiwa. Ibi yòówù tí a bá lọ́kọ sí, bí nǹkan bá ṣẹlẹ̀ ní ilé bàbá wa, a gbọ́dọ̀ padà wálé. Èmi sì ni ọmọ-osú tó sún mọ́ àbúrò mi jù. Àwọn ẹ̀gbọ́n bàbá wa ránṣẹ́ pè mí pé kí n wá dáná fún àwọn tó ń bá a káàkiri. Ọkọ mi ní kí n lọ, ó tiẹ̀ bá mi gbé igi ìdáná dé ẹnu ọ̀nà wọn. Mo ń dáná lọ́hùn-ún láàárọ̀, mo ń dáná nílé fún àwọn ènìyàn díẹ̀ tó ń tẹ̀ lé ọkọ mi nírọ̀lẹ́. Àwọn ìyàwó ilé ń wò mí. Wọn ò rí oúnjẹ ìrọ̀lẹ́, ti àárọ̀ nìkan ni wọ́n ń rí.

Lọ́jọ́ ìbò, èmi àti ọkọ mi jọ rìn lọ síbùdó ìdìbò tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé ìwé. Kò sọ fún mi pé kí n dìbò fún òun. Láti ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ náà ti bẹ̀rẹ̀, kò fìgbà kankan sọ ọ́. Epo ni mo ti ń fún láti ọjọ́ tó ṣáájú, mo fi ọṣẹ dúdú fọ ọwọ́ mi títí, síbẹ̀ àtàǹpàkò mi ṣì pupa. Nígbà tí mo dé ibi ìkọ̀kọ̀, mo tẹ́ ìwé ìbò síwájú. Mo wo àmì ẹgbẹ́ àbúrò mi. Ṣé kò sí ẹ̀jẹ̀ mi lára rẹ̀ ni? Ṣùgbọ́n mo ní nínú ọkàn mi pé, bí mo dìbò, bí mi ò dìbò, ọmọ ìyá mi á wọlé. Ọkọ mi ni kò ní ẹnì kan. Mo tẹ ìka mi sí ti ọkọ mi, mo ká ìwé náà, mo sì jù ú sínú àpótí. Ọkàn mi balẹ̀ pẹ̀sẹ̀. Òun náà wọlé lẹ́yìn mi, ó pẹ́ díẹ̀ níbẹ̀, ó jáde. A lọ jókòó lábẹ́ igi ọ̀dán, a ń jẹ ẹ̀pà.

Nígbà tí wọ́n ń ka ìbò, wọ́n ń gbé ìwé sókè lọ́kọ̀ọ̀kan, àwọn èèyàn ń bá wọn kà á. Ti àbúrò mi ń lọ bí ẹni ń ka àgbàdo. Àwọn díẹ̀ tí wọ́n ní ìka wọn ò hàn dáadáa, wọ́n yọ wọ́n sọ́tọ̀. Lẹ́yìn náà ni òṣìṣẹ́ ìbò náà pe ẹgbẹ́ ọkọ mi, ó sì ní, "Ẹyọ kan." Ẹnì kan bú sẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Ibùdó ìdìbò ti gbogbo agbo ilé rẹ̀ nìyẹn o, níbi tí àwọn ọmọ bàbá rẹ̀, àwọn ìyàwó wọn, àti àwọn tó kanlẹ̀kùn fún ti dìbò! Èjẹ́ǹtì ẹgbẹ́ rẹ̀ tó jókòó níbẹ̀ ò sí lára àwọn tó ń dìbò níbùdó wa. Àwọn ọmọ wa ò sì wálé. Ẹyọ kan. Kò sẹ́ni tí kò mọ̀ pé ọkọ mi dìbò. Kí ló kù? Gbogbo ojú yí padà sí mi. Àbúrò ọkọ mi tutọ́ sílẹ̀ níwájú mi. Ọkọ mi di ọwọ́ mi mú, ó ní ká máa lọ sílé.

Láti ọjọ́ yẹn ni orúkọ mi ti bàjẹ́. Bí mo bá kọjá níbi tí àwọn ìyàwó ilé ti ń pọn omi, wọ́n á máa ṣẹ́jú sí ara wọn. Mo bi ọ̀kan nínú wọn pé àwọn ńkọ́, ta ni àwọn dìbò fún? Kò tiẹ̀ tijú rárá, ó ní, "Kì í ṣe àwa la fẹ́ ẹ, Ìyá Dayọ̀. Ulé ọkọ rẹ rèé, ìwọ lo ni ín." Ẹ̀yin ẹ wò ó! Èyí tó tún dùn mí jù ni pé àbúrò mi wá dúpẹ́ lọ́wọ́ mi. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, ó ní òun ò ní gbàgbé pé èmi tí mo gbé òun pọ̀n ni mo tún gbé òun wọlé. Àwọn ọmọ-osú ẹgbẹ́ mi ń yìn mí pé ọmọ tó mọ ilé bàbá rẹ̀ ni mí. Ilé ọkọ ń bú mi, ilé bàbá ń yìn mí, lórí ohun tí mi ò ṣe. Mi ò lè sọ fún àbúrò mi pé kì í ṣe òun. Ẹnu wo ni mo fẹ́ fi sọ ọ́?

Ohun tí èmi náà kọ́kọ́ rò ni pé àtàǹpàkò mi ló bà á jẹ́, pé epo ti ràn mọ́ ìwé náà, ó wà lára àwọn tí wọ́n yọ sọ́tọ̀. Èrò yẹn ò jẹ́ kí n sinmi. Mo ń wo bí ọkọ mi ṣe ń fa omi mi láràárọ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀, tí kò bi mí ní nǹkan kan, tó tiẹ̀ tún ń ṣìkẹ́ mi sí i, mo sì ń rò pé ó ti dárí jì mí fún ohun tí mi ò ṣẹ̀. Ní ọ̀sán ọjọ́ kan mi ò lè mú un mọ́ra mọ́, mo bá a ní ṣọ́ọ̀bù, mo kúnlẹ̀ sórí èérún igi. Mo ní, "Bàbá Dayọ̀, ẹ̀yin ni mo dìbò fún. Epo ló ba ọwọ́ mi jẹ́, wọ́n ti sọ tèmi nù."

Ó gbé irinṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀. Omi lé ròrò sí i lójú. Ó ní, "Wọn ò sọ ọ́ nù, Ìyá Dayọ̀. Tìrẹ ni wọ́n kà."

Kò kọ́kọ́ yé mi. Mo ní tiyín ńkọ́? Ó ní, "Èmi ni mi ò dì í fún ara mi."

Ẹ̀yin èèyàn mi, àna rẹ̀ ló dìbò fún! Ó ní nígbà tí òun dé ibi ìkọ̀kọ̀, tí òun rí àmì méjèèjì, ohun tí òun rántí ni ọjọ́ tí òun wá tọrọ mi. Bàbá mi ti kú nígbà náà, àbúrò mi kékeré ni wọ́n gbé jókòó sí àyè rẹ̀ lórí ẹní, òun náà ni wọ́n sì ní kí ọkọ ìyàwó dọ̀bálẹ̀ fún. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é ní ilé wa nìyẹn: ọkọ á di ọwọ́ ẹni tó dúró fún bàbá mú, á sì ṣèlérí pé ọwọ́ òun ò ní ṣe lòdì sí ilé náà láéláé. Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà, torí pé ọmọ náà ń jẹ móínmóín lọ́wọ́. Ọkọ mi ò rẹ́rìn-ín. Ó ní òun lè bá ẹgbẹ́ rẹ̀ jà lórí gbohùngbohùn, ẹnu ni òun fi ń jà, ṣùgbọ́n ọwọ́ tí òun fi gbà mí, òun ò lè fi ṣe lòdì sí ọmọ ilé wa. Ó sì rò pé kò sẹ́ni tó máa mọ̀, nítorí pé agbo ilé òun pọ̀, ìbò òun kan á sọnù láàárín tiwọn. Kò mọ̀ pé kò sí tiwọn. Mo rẹ́rìn-ín, mo sunkún, mo gbá a mọ́ra níbẹ̀ láàárín pákó. Gbogbo ọjọ́ tí mo ti wà lọ́dọ̀ rẹ̀, mi ò fẹ́ràn rẹ̀ tó bí mo ṣe fẹ́ràn rẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn.

Ẹ wá lè ní kí n jáde, kí n kéde rẹ̀, kí n gba orúkọ mi padà. Kò rọrùn bẹ́ẹ̀. Ọkọ mi rí ìbò díẹ̀ láwọn ìlú mìíràn. Ìyá arúgbó kan wà ní Ìjurìn tí àwọn ọmọ rẹ̀ ò bá sọ̀rọ̀ mọ́ nítorí pé ó tẹ̀ lé ọkọ mi. Àwọn kan kúrò nínú ẹgbẹ́ tí bàbá wọn bí wọn sí nítorí ọ̀rọ̀ nọ́ọ̀sì yẹn. Bí wọ́n bá gbọ́ pé ẹni tí wọ́n torí rẹ̀ jà kò dìbò fún ara rẹ̀, kí ni wọ́n máa ṣe? Wọ́n á ní ó fi àwọn ṣeré ni. Kò sẹ́ni tó máa gbọ́ ti àna, kò sẹ́ni tó máa gbọ́ ti ọwọ́. Wọn ò sì ní tẹ̀ lé ẹnikẹ́ni mọ́. Ohun kan ṣoṣo tí ọkọ mi rí gbà nínú gbogbo wàhálà yẹn ni pé àwọn èèyàn wọ̀nyẹn gbà á gbọ́. Èmi ò lè fi ọwọ́ ara mi gbà á lọ́wọ́ rẹ̀.

Nígbà tí ọ̀rọ̀ omi ẹsẹ̀ yìí dé etí rẹ̀, ó ní ó tó. Ó ní òun á pe gbogbo agbo ilé jọ ní ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́ Ẹtì, kí ìyàwó tó dé, òun á sì sọ òtítọ́ fún wọn. Mo bẹ̀ ẹ́ títí, ó kọ̀. Ó ní, "Ìwọ nìkan lo dìbò fún mi, ìwọ nìkan ni wọ́n sì ń fi ìyà rẹ̀ jẹ." Láti ìgbà náà ni kò ti lè jẹun dáadáa, èmi náà ò sì lè sùn dáadáa.

Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà jù mí lọ nínú ìgbéyàwó, ẹ bá mi dá sí i. Ṣé kí n jẹ́ kó sọ ọ́, kí n gba iyì mi padà, kí tirẹ̀ sì bàjẹ́? Àbí kí n dì mọ́ ọn lẹ́sẹ̀, kí n máa bẹ̀ ẹ́ títí Ọjọ́ Ẹtì á fi kọjá? Èmi lè fara da ẹ̀gàn, mo ti ń fara dà á. Lọ́jọ́ Sátidé, mo lè dúró sẹ́yìn àwọn ìyàwó kéékèèké, kí n máa wo ẹlòmíràn tó ń bomi sí ẹsẹ̀ ọmọ ọlọ́mọ, kí n sì ṣe àmín sí ìwúre tirẹ̀. Ìyẹn kò ní pa mí. Ṣùgbọ́n ọkọ mi á dúró lọ́wọ́ ọ̀hún láàárín àwọn ọkùnrin, á sì máa wò mí. Ojú tó máa fi wò mí yẹn ni mi ò mọ bí mo ṣe fẹ́ gbé e.